Aṣọ Ẹ̀dá-Ìtàn Nínú Géèmù Ayé Gbalasa: Àpẹẹrẹ Láti Inú Breath of the Wild

Ìfáárà

Géèmù ayé gbalasa ni orúkọ tí a lè fi pe irú eré orí kọ̀ǹpútà tí kì í la ọ̀nà kan ṣoṣo sílẹ̀ fún ẹni tó ń ta á. Nínú irú géèmù bẹ́ẹ̀, òkè tí a rí lọ́ọ̀ọ́kán kì í ṣe àwòrán lásán. A lè rìn dé ẹsẹ̀ rẹ̀, a lè gùn ún dé téńté, a sì lè yà kúrò lójú ọ̀nà lọ wo ohun tó wà lẹ́yìn rẹ̀. Nítorí pé ayé inú eré náà fẹ̀, tí ojú ọjọ́ rẹ̀ ń yí padà, tí àwọn ìlú inú rẹ̀ sì ní àṣà tiwọn, ọ̀rọ̀ aṣọ ẹ̀dá-ìtàn kọjá ọ̀rọ̀ ẹwà nìkan. Ó di ọ̀rọ̀ ìyè àti ikú, ọ̀rọ̀ owó, àti ọ̀rọ̀ ẹni tí a gbà láàyè kí ó wọ ìlú àti ẹni tí a lé sẹ́yìn odi.

Àpẹẹrẹ tí àlàyé yìí dá lé lórí ni The Legend of Zelda: Breath of the Wild, tí ilé-iṣẹ́ Nintendo ti orílẹ̀-èdè Japan gbé jáde ní oṣù kẹta ọdún 2017 fún ẹ̀rọ Nintendo Switch àti Wii U. Hidemaro Fujibayashi ni ó darí iṣẹ́ náà, Eiji Aonuma sì ni alámòójútó rẹ̀. Ìtàn inú géèmù náà kò lọ́jú pọ̀. Ọ̀dọ́mọkùnrin ajagun kan tí a ń pè ní Link jí lẹ́yìn tó ti sùn fún ọgọ́rùn-ún ọdún. Ó bá ìjọba Hyrule ní ahoro, ó bá ọmọbìnrin ọba, Zelda, níbi tó ti ń fi agbára tirẹ̀ dá ibi ńlá tí ń jẹ́ Ganon dúró, ó sì di dandan kí Link múra láti lọ bá a parí ìjà náà. Ọ̀rọ̀ ìmúra yìí gan-an ni aṣọ ti wọlé.

Ìbẹ̀rẹ̀ láìsí aṣọ

Nígbà tí Link jí, ṣòkòtò péńpé nìkan ni ó wà nídìí rẹ̀. Kò rántí orúkọ ẹnikẹ́ni, kò ní ohun ìjà, kò ní aṣọ. Kí ó tó jáde kúrò nínú ihò tó sùn sí, ó máa kan àpótí méjì: ẹ̀wù gbígbó wà nínú ọ̀kan, ṣòkòtò tó ti lò gbó wà nínú èkejì. Bí ẹni tó mú pádì lọ́wọ́ kò bá ṣí àwọn àpótí yìí, géèmù náà kò ní dí i lọ́wọ́. Ó lè jáde sínú ayé ní ìhòòhò ara bẹ́ẹ̀. Ẹ̀kọ́ àkọ́kọ́ nìyí, láìsí olùkọ́ tó la ẹnu: aṣọ kì í wọra rẹ̀ fún ni; ẹni tó fẹ́ ẹ ni ó ń wá a, òun náà ni ó sì ń pinnu ìgbà tí yóò wọ̀ ọ́.

Àwọn tó ń ṣe ìtúpalẹ̀ ìtàn àròsọ yóò dá ọgbọ́n yìí mọ̀. Ẹ̀dá-ìtàn tí kò ní ìrántí, tí kò sì ní aṣọ, jẹ́ ẹ̀dá-ìtàn tí a kò tíì kọ nǹkan kan sí lára. Bí ó bá ṣe ń rí ìrántí rẹ̀ gbà padà ni ó ń rí aṣọ kún aṣọ.

Ipò mẹ́ta àti ìṣirò ìhámọ́ra

Ibi mẹ́ta ni aṣọ ń lọ lára Link: orí, ara, àti ẹsẹ̀. Ẹyọ kan ṣoṣo ni ibì kọ̀ọ̀kan ń gbà lẹ́ẹ̀kan náà. Fìlà, ìbòrí tàbí ọ̀ṣọ́ iwájú orí lọ sí orí. Ẹ̀wù lọ sí ara. Ṣòkòtò àti bàtà tó bá a rìn lọ sí ẹsẹ̀. Láti pààrọ̀ aṣọ, a ó ṣí àpò ẹrù, a ó sì yan èyí tí a fẹ́. Bí àpò náà bá ti ṣí, gbogbo ayé inú géèmù dúró jẹ́ẹ́. Nítorí náà, Link lè bọ́ ẹ̀wù kan kí ó wọ òmíràn láàárín ìjà, kí idà ọ̀tá tó bá a. Nǹkan méjì mìíràn tún ya aṣọ sọ́tọ̀ kúrò lára ohun ìjà. Idà, ọrun àti asà a máa fọ́ bí a bá ti lò wọ́n pẹ́. Aṣọ kì í ya, kì í sì í gbó. Èyí ló fà á tí owó tí a ná sórí aṣọ fi ń pẹ́ lọ́wọ́ ẹni ju èyí tí a ná sórí idà lọ.

Aṣọ kọ̀ọ̀kan ní iye ìhámọ́ra tirẹ̀, iye ti mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ni a sì ń rò pọ̀. Àwòrán ọkàn ni a fi ń ka ẹ̀mí Link, a sì pín ọkàn kọ̀ọ̀kan sí ọ̀nà mẹ́rin. Bí ọ̀tá bá lù ú, géèmù yóò yọ iye ìhámọ́ra rẹ̀ kúrò nínú agbára ìlù náà. Ohun tó kù ni yóò jẹ nínú ọkàn rẹ̀, ìdámẹ́rin kan fún ẹyọ kan.

Kí ọ̀rọ̀ yìí lè yé ni, ẹ jẹ́ kí a wo ìlù kan tí agbára rẹ̀ jẹ́ 24. Láìsí aṣọ, ọkàn mẹ́fà ni yóò gbé lọ. Ọ̀wọ́ aṣọ Hylian, tí arìnrìn-àjò lè rà lábúlé Hateno, ní ìhámọ́ra 3 fún ẹyọ kọ̀ọ̀kan, àpapọ̀ rẹ̀ sì jẹ́ 9. A yọ 9 kúrò nínú 24, ó ku 15, èyí tíí ṣe ọkàn mẹ́ta àti ìdámẹ́rin mẹ́ta. Bí ọkàn mẹ́ta péré ló ṣẹ́kù fún Link nínú márùn-ún tó ní, ó kú nìyẹn. Ṣùgbọ́n bí a bá ti fi agbára kún ẹyọ kọ̀ọ̀kan lẹ́ẹ̀kan péré, 3 di 5, àpapọ̀ di 15. A yọ 15 kúrò nínú 24, ó ku 9, ìyẹn ọkàn méjì àti ìdámẹ́rin kan. Aṣọ kan náà ni, ìlù kan náà ni, ṣùgbọ́n Link kò kú mọ́. Ẹni tó ń fojú kéré iye kékeré tí a kọ sábẹ́ aṣọ kò tíì ṣe ìṣirò yìí.

Òtútù, ooru àti iná

Ojú ọjọ́ ni ọ̀tá àkọ́kọ́ tí idà kò lè ṣẹ́gun. Ní ìbẹ̀rẹ̀ géèmù, lórí pẹ̀tẹ́lẹ̀ gíga tí a ń pè ní Great Plateau, òkè kan wà tí yìnyín bò. Bí Link bá gun òkè náà nínú ẹ̀wù gbígbó rẹ̀, ara rẹ̀ yóò máa gbọ̀n, òṣùwọ̀n kékeré tó wà ní igun ojú ẹ̀rọ yóò lọ sí apá òtútù, ọkàn rẹ̀ yóò sì máa dín kù díẹ̀díẹ̀ títí yóò fi kú. Géèmù náà kò sọ ohun tí ó yẹ kí ó ṣe fún un. Ó lè se oúnjẹ tó ní ata, kí ó sì jẹ ẹ́; ó lè mú ògùṣọ̀ tó ń jó lọ́wọ́; tàbí kí ó gba ẹ̀wù tó nípọn tí a ń pè ní Warm Doublet lọ́wọ́ bàbá arúgbó tó ń gbé níbẹ̀.

Ìyàtọ̀ tó wà láàárín àwọn ọ̀nà yìí ni ìpìlẹ̀ ìṣàkóso aṣọ. Agbára oúnjẹ ní àkókò tó máa ń tán. Ó sì tún jẹ́ pé agbára oúnjẹ kan ṣoṣo ni ara Link ń gbà lẹ́ẹ̀kan náà. Bí ó bá jẹ òmíràn tó ní agbára tirẹ̀, ti àkọ́kọ́ parẹ́. Ògùṣọ̀ ń gba ọwọ́ tó yẹ kí ó di idà mú. Ẹ̀wù kò ní àkókò, kò sì dí ọwọ́. Ipò kan lára ipò mẹ́ta nìkan ni ó gbà. Èyí ni pé gbogbo ọ̀nà ló ní ohun tó ń ná ni.

Òtútù pàápàá ní ìpele. Ní àwọn òkè Hebra tó wà ní ìwọ̀-oòrùn àríwá, òtútù ibẹ̀ ju èyí tí ẹ̀wù kan lè dá dúró. Àwọn ará abúlé Rito ń ta ọ̀wọ́ aṣọ Snowquill, tí wọ́n fi ìyẹ́ ṣe, ẹyọ kọ̀ọ̀kan rẹ̀ sì ń fúnni ní ìpele ooru kan. Ọ̀pọ̀ ènìyàn a máa ra mẹ́tẹ̀ẹ̀ta nítorí pé wọ́n bá ara wọn mu lójú. Bẹ́ẹ̀, ìpele méjì péré ni òtútù tó le jù lọ ń béèrè fún. Ẹni tó bá wọ méjì ti dá ipò kẹta sílẹ̀ fún nǹkan mìíràn, ó sì ti fi owó ẹyọ kan pamọ́.

Aṣálẹ̀ Gerudo tún kọ́ni ní ẹ̀kọ́ tó yàtọ̀. Ní ọ̀sán, ooru ibẹ̀ ń pani. Ní òru, òtútù ibẹ̀ náà ń pani. Aṣọ tó gba Link là ní ọjọ́kanrí kò wúlò fún un ní ọ̀gànjọ́. Arìnrìn-àjò aṣálẹ̀ ní láti ní aṣọ méjì nínú àpò, kí ó sì máa wo oòrùn bí ẹni ń wo aago.

Àṣìṣe tó wọ́pọ̀ jù ni ti òkè ayọnáyèéfín tí ń jẹ́ Death Mountain. Ẹni tó ti la aṣálẹ̀ kọjá a máa rò pé aṣọ tó ń tako ooru yóò tó fún un níbẹ̀. Kò tó rárá. Géèmù náà ya ooru sọ́tọ̀ kúrò lára iná. Aṣálẹ̀ ń mú ara gbóná. Death Mountain ń jó ara gan-an, kódà ohun ìjà onígi tó wà lẹ́yìn Link yóò gbiná. Ọ̀wọ́ aṣọ Flamebreaker, tí àwọn Goron ń tà, tàbí oògùn tó ń tako iná nìkan ni ó lè gba ènìyàn là níbẹ̀.

Aṣọ àti iṣẹ́ ọwọ́

Yàtọ̀ sí ojú ọjọ́, aṣọ a máa ran iṣẹ́ lọ́wọ́. Ọ̀wọ́ aṣọ àwọn agunkè, tí ẹyọ rẹ̀ fara pamọ́ sínú àwọn ojúbọ, ń mú kí Link tètè gun àpáta. Ọ̀wọ́ Stealth, tí wọ́n ń tà ní abúlé Kakariko, ń pa ìró ẹsẹ̀ rẹ̀ mọ́, kí ó lè sún mọ́ ẹranko tàbí ọ̀tá tó sùn. Ọ̀wọ́ Barbarian, tí a pín ẹyọ rẹ̀ sínú ìlú awùlùmọ̀ mẹ́ta, ń fi kún agbára ìlù ọwọ́ rẹ̀.

Kò sí aṣọ kan tó ṣe gbogbo rẹ̀. Ẹni tó wọ aṣọ agunkè lórí òkè oníyìnyín yóò yára gun ún, òtútù yóò sì yára pa á. Ẹni tó wọ ìhámọ́ra tó nípọn jù lọ kò ní kú bọ̀rọ̀, ṣùgbọ́n ọ̀tá yóò gbọ́ ẹsẹ̀ rẹ̀ láti ọ̀nà jíjìn. Bí a bá fẹ́ kan, a ó fi kan sílẹ̀. Ìdí nìyí tí ẹni tó mọ géèmù yìí dáadáa kì í fi í béèrè aṣọ tó dára jù. Ohun tí yóò béèrè ni ibi tí à ń lọ, àti ohun tí a fẹ́ lọ ṣe níbẹ̀.

Aṣọ gẹ́gẹ́ bí àṣẹ ìwọ̀lú

Yorùbá bọ̀, wọ́n ní aṣọ là ń kí kí a tó kí ènìyàn. Ìlú Gerudo ni òwe yìí ti ṣẹ mọ́ Link lára. Obìnrin nìkan ni òfin gbà láyè nínú ìlú náà. Bí ọkùnrin bá fi ẹsẹ̀ kan ẹnubodè, àwọn ẹ̀ṣọ́ yóò lé e padà. Síbẹ̀, ìtàn ní láti gba ibẹ̀ kọjá. Link ní láti lọ sí ọjà Kara Kara, kí ó wá ẹnì kan tó ń jẹ́ Vilia, kí ó yin ẹwà rẹ̀, kí ó sì ra ìbòjú, ẹ̀wù àti ṣòkòtò obìnrin Gerudo lọ́wọ́ rẹ̀ ní 600 rupee, owó ìlú Hyrule. Pẹ̀lú aṣọ yìí, àwọn ẹ̀ṣọ́ kan náà tó lé e lánàá yóò yà fún un lónìí. Bí ó bá gbàgbé tó bọ́ ọ láàárín ìlú, wọ́n á gbé e sọ síta.

Bí a bá fi ìhámọ́ra wọn aṣọ yìí, kò fẹ́rẹ̀ẹ́ ní ìwúlò kankan, nítorí kò lè gba ìlù ọ̀tá dúró. Ṣùgbọ́n ẹnubodè tí idà kò lè ṣí ni ó ṣí. Géèmù náà sì mọ ibi tí agbára aṣọ pin sí. Nígbà tí Link dé iwájú Riju, ọ̀dọ́mọbìnrin tó ń ṣe olórí ìlú náà, Riju rí i pé ọkùnrin ni. Aṣọ gbé e kọjá ojú ẹ̀ṣọ́; kò gbé e kọjá ojú olóye. Iṣẹ́ tó bá wá àti ẹni tó jẹ́ ni ó mú kí wọ́n jẹ́ kí ó dúró. Òwe kejì wá bá ti àkọ́kọ́ mu: aṣọ ńlá kọ́ ni ènìyàn ńlá.

Ìtọ́jú aṣọ: àwọn Great Fairy àti ilé aláró

Àwọn iwin obìnrin mẹ́rin tí a ń pè ní Great Fairy ni wọ́n ń fi agbára kún aṣọ. Agbára wọn ti lọ nígbà tí Link kọ́kọ́ bá wọn, owó ni wọ́n sì ń gbà láti jí padà: 100 rupee fún ẹni àkọ́kọ́, 500 fún ẹni kejì, 1,000 fún ẹni kẹta, 10,000 fún ẹni ìkẹyìn. Bí ẹyọ kan bá jí, a lè fi agbára kún aṣọ lẹ́ẹ̀kan. Bí mẹ́rẹ̀ẹ̀rin bá jí, ó di ẹ̀ẹ̀mẹrin. Lẹ́yìn èyí, ohun èèlò ni wọ́n ń béèrè. Fún aṣọ Hylian, ìwo àwọn ọ̀tá tí ń jẹ́ Bokoblin ni a fi ń bẹ̀rẹ̀. Fún ọ̀wọ́ Stealth, òdòdó tó ń tàn lóru ni. Aṣọ Hylian tó bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú ìhámọ́ra 3 lè di 20 bí a bá ti fi agbára kún un lẹ́ẹ̀mẹrin.

Bí ẹyọ mẹ́tẹ̀ẹ̀ta inú ọ̀wọ́ kan bá ti gba agbára lẹ́ẹ̀mejì ó kéré tán, tí Link sì wọ̀ wọ́n pọ̀, ọ̀pọ̀ ọ̀wọ́ a máa fúnni ní èrè àfikún. Ọ̀wọ́ Snowquill kò ní jẹ́ kí yìnyín sọ Link di òkúta mọ́. Ọ̀wọ́ Flamebreaker kò ní jẹ́ kí iná ràn mọ́ ọn lára. Ọ̀wọ́ Stealth yóò mú kí ó yára lóru. Ọ̀wọ́ Hylian ní tirẹ̀ kò ní èrè kankan bẹ́ẹ̀. Nítorí náà, ẹni tí kò ní ohun èèlò púpọ̀ gbọ́dọ̀ ronú kí ó tó ná an. Bí ó bá pín in sára aṣọ mẹ́wàá, kò ní rí ọ̀kan tó pé. Bí ó bá kó o lé ọ̀wọ́ kan tó ń wọ̀ lójoojúmọ́, yóò rí èrè rẹ̀ kíákíá.

Ti àwọ̀ kò le bẹ́ẹ̀. Ní abúlé Hateno, ilé aláró kan wà tí wọ́n ti ń pa aṣọ láró ní 20 rupee. Link yóò mú ohun èèlò márùn-ún tó ní àwọ̀ tó fẹ́ wá, láti inú irú àwọ̀ mẹ́ẹ̀ẹ́dógún. Ata kan náà tó ń lé òtútù lè sọ ẹ̀wù di pupa. Àró kì í fi ohunkóhun kún ìhámọ́ra, kì í sì í yọ nǹkan kan kúrò nínú rẹ̀. Ẹwà nìkan ni ó wà fún, síbẹ̀ àwọn tó ń ta géèmù náà a máa wá owó àti àsìkò fún un. Ènìyàn a máa fẹ́ kí ẹni tó ń rìn lójú òun jọ ẹni tí òun fẹ́ràn.

Aṣọ tó ń rántí

Aṣọ méjì wà tí a kò lè fi ìṣirò nìkan ṣàlàyé. Ọ̀kan ni ẹ̀wù aláwọ̀ ojú ọ̀run tí àgbà obìnrin Impa fi fún Link lẹ́yìn tó bá ti rí ìrántí rẹ̀ kan gbà padà. Ó ń jẹ́ kí a rí iye ẹ̀mí tó kù fún ọ̀tá, ṣùgbọ́n ìtumọ̀ rẹ̀ jù bẹ́ẹ̀ lọ: aṣọ ipò tó wà lára rẹ̀ ní ọgọ́rùn-ún ọdún sẹ́yìn ni. Ìrántí ni owó rẹ̀.

Èkejì ni ìhámọ́ra Zora. Nínú ẹ̀yà Zora, ọmọbìnrin ọba ni ó máa ń fi ọwọ́ ara rẹ̀ ṣe ìhámọ́ra fún ọkùnrin tí yóò fẹ́. Mipha ṣe tirẹ̀, kò sọ ẹni tó ṣe é fún, ó sì kú nínú àjálù ọgọ́rùn-ún ọdún sẹ́yìn. Nígbà tí Link dé, àgbà ìlú kan tí ń jẹ́ Muzu kọ̀ láti gbà pé Mipha fẹ́ràn rẹ̀. Ọba Dorephan ti fi ìhámọ́ra náà fún Link. Kò sí ọ̀rọ̀ tó lè yí Muzu lọ́kàn padà. Ẹni tó mú pádì lọ́wọ́ gbọ́dọ̀ ṣí àpò ẹrù, kí ó wọ aṣọ náà níwájú bàbá náà. Ó bá Link lára mu rẹ́gí. Muzu dákẹ́, ó sì gbà. Aṣọ náà ń jẹ́ kí Link lè lúwẹ̀ẹ́ gòkè nínú omi tó ń ya wálẹ̀ láti orí àpáta, ìwúlò ńlá sì ni èyí. Ṣùgbọ́n kí ó tó di irinṣẹ́, ẹ̀rí ni. Bọ́tìnnì kan náà tí a ń tẹ̀ láti sá fún òtútù ni a tẹ̀ láti jẹ́rìí sí ìfẹ́ olóògbé.

Ìparí

Nínú géèmù ayé gbalasa bí irú èyí, aṣọ ń ṣe iṣẹ́ mẹ́ta pọ̀. Ó jẹ́ iye tí a lè rò, tí a lè fi ìyè wọ̀n. Ó jẹ́ àdéhùn láàárín ẹ̀dá-ìtàn àti ibi tó wà: òkè, aṣálẹ̀, iná, àti òfin ìlú. Ó sì jẹ́ ọ̀nà ìsọ̀tàn, tó lè sọ ohun tí ẹnu kò sọ. Akẹ́kọ̀ọ́ tó bá fẹ́ ṣe ìtúpalẹ̀ irú eré yìí kò gbọdọ̀ dúró sórí ọ̀kan kí ó fi méjì sílẹ̀. Bí ó bá ka iye ìhámọ́ra nìkan, aṣọ Gerudo yóò dà bí aṣọ aláìwúlò lójú rẹ̀. Bí ó bá sì wo ìtàn nìkan, kò ní mọ ìdí tí Link fi kú lórí òkè oníyìnyín nínú ẹ̀wù gbígbó, nígbà tí ata wà ní ìsàlẹ̀ òkè náà tó kàn ń dúró de ẹni tí yóò já a.